Ìtànwò l'Ọ́fà

Gíláàsì mẹ́ta ni Bàbá Bùsàrí fi sílẹ̀ fún mi:
pupa, aláwọ̀ ewé, àti èyí tí kò láwọ̀ rárá,
tó ti fọ́ létí, tó fi oje igi lẹ̀ pọ̀.
Inú àtùpà rélùwéè ló ti yọ wọ́n
lọ́dún tí fèrè ọkọ̀ ojú irin dákẹ́,
tí wọ́n ní kó máa lọ sílé, owó rẹ̀ ń bọ̀.
Owó ò dé. Gíláàsì ló kù.

Ìtànwò là ń pe iṣẹ́ náà.
"À ń tàn, à ń wò, ó parí," ni Bàbá máa ń wí,
bí ẹni tó ń ṣa ẹ̀wà lórí atẹ.
Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́ta ni mo fi kọ́ bí a ṣe ń nu gíláàsì,
eérú, omi òjò, aṣọ funfun tí ọṣẹ ò kàn rí;
mo tún fi ọdún kan kọ́ bí a ṣe ń jókòó
kí òjìji ẹni má baà dí iná lọ́nà.
Iná ò gbọdọ̀ jù. Ojú ò gbọdọ̀ ṣẹ́.
Ẹnikẹ́ni tí o bá rí, má pe orúkọ rẹ̀.

Lẹ́yìn ibùdókọ̀, níbi tí ojú irin ti pín sí méjì,
ó fi ẹsẹ̀ kan irin, ó ní, "Wò ó, Sìnátù.
Ọkọ̀ tó gba ọ̀tún ò pa ti òsì rẹ́.
Ó wà níbẹ̀, koríko ń bò ó,
ọkọ̀ tí àwa ò sí nínú rẹ̀ ń gba ibẹ̀ kọjá."

Alẹ́ àkọ́kọ́, lára ògiri, mo rí Ọ̀fà kan
tí wọn ò gbin ànàmọ́ rí,
òwú ni gbogbo oko, ó funfun lọ dé Ìjàgbó.
Alẹ́ kejì, obìnrin kan wọ bàtà mi, ó ń ta tíkẹ́ẹ̀tì.
Mo kọ ọ́ sílẹ̀: aago mẹ́jọ kọjá ìṣẹ́jú mẹ́rin.
Bàtà mi ni. Èmi kọ́.

Mo mọ òfin. Èmi náà ni mo rú u,
lálẹ́ ọjọ́ tí a ṣe àdúrà ogójì Bàbá.
Ràímì, àbúrò mi, tó bá ọkọ̀ òru lọ sí Jẹ́bà,
tí wọ́n fi ẹní gbé wálé,
ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún, tó ṣì jẹ mí ní náírà mẹ́wàá:
mo gbé gíláàsì aláwọ̀ ewé síwájú iná,
mo wá ibi tí kò ti wọ ọkọ̀ náà.

Ó wà níbẹ̀. Ó ti sanra. Orí rẹ̀ ti pá.
Ó jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù táyà, ó ń jẹ àgbàdo sísun.
Mo rí ara mi tí mò ń bọ̀ láti ìsàlẹ̀ ọjà,
mo gbójú sókè bí ẹni pé kò sí ilé níbẹ̀.
Ó wò mí. Ó tu èèpo àgbàdo síta.
Mo kọjá.

Ilẹ̀ bàbá wa ni. Mo mọ̀ ọ́n lójú ẹsẹ̀.
Ilẹ̀ tí àgùntàn méjì á jẹ tán kó tó di ìrọ̀lẹ́,
tí mo gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ sí níhìn-ín,
tí n ò bá ẹnikẹ́ni jà lé lórí,
nítorí ẹni tí ǹ bá bá jà ti kú.

Èmi ọmọ Ọ̀fà, tí ìjàkadì jẹ́ orò ilé mi,
mo nawọ́. Ògiri ni.
Mo wá pe orúkọ rẹ̀.
Iná mì. Ó gbórí sókè, ó wẹ̀yìn,
ó sì padà sídìí àgbàdo rẹ̀.

Mo kọ ọ́ sílẹ̀: Aago mẹ́wàá ààbọ̀. Ó wà láàyè.
A kì í kí ara wa.

Láàárọ̀, mo bẹ́ odidi ọ̀gẹ̀dẹ̀ kan, èyí tó gbó jù,
mo gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú irin òsì.
Nígbà tí mo padà lọ lọ́sàn-án,
ewúrẹ́ ti débẹ̀.
Ó ku méjì.